Ògì Máńgòrò Ìyá Ọkọ Mi

Asẹ́ ìyá ọkọ mi ní Lalupon kì í gbẹ. Ògì ni wọ́n ń tà tí wọ́n fi tọ́ ọmọ, ohunkóhun tí wọ́n bá sì ti lọ̀, wọ́n gbọ́dọ̀ sẹ́ ẹ. "Ohun tí kò bá tíì kan, kò tíì di oúnjẹ," wọ́n á wí.

Nígbà tí dókítà ní kí wọ́n jìnnà sí ṣúgà, mo fi bùlẹ́ńdà lọ máńgòrò, ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ àti ọ̀pẹ òyìnbó pọ̀ fún wọn. Ó ki, ó sì dùn láìsí ṣúgà. Mo ní kí wọ́n gbé e sí fíríìjì, kí wọ́n máa fi ṣíbí jẹ ẹ́ ní tútù. Wọ́n ṣàdúà fún mi.

Nígbà tí mo padà dé lọ́jọ́ Jímọ̀ọ̀, wọ́n ti sẹ́ ẹ, wọ́n ti da èèrí rẹ̀ fún ewúrẹ́, wọ́n sì ti gbé omi rẹ̀ sẹ́yìn ilẹ̀kùn kí ó lè kan. Ó ń ru gùdù láìsí iná. Bàbá ọkọ mi, lèmọ́mù àdúgbò, tọ́ ọ wò, wọ́n sì rọra gbé ife sílẹ̀.

"Àlájà, ọtí lo ṣe sínú ilé lèmọ́mù."

Ìyá tún bu díẹ̀ kún ife tiwọn.

"Ọtí kẹ̀? Ògì ni. Àgbàdo ni ò sí níbẹ̀."