Ẹ̀bẹ̀ Tó Gba Ilẹ̀ Lọ́wọ́ Ràṣídátù

Ọ̀rọ̀ Ràṣídátù ṣì ń rí mi lára di bí mo ṣe ń wí yìí. Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ ni, ìkòkò amọ̀ ló ń tà ní ọjà Wúsè. Ìlú Kwali, níbi tí wọ́n ti ń mọ ọ́n, ló ti ń rà wọ́n, á sì gbé èyí tó dára jù lé ẹsẹ̀ nínú bọ́ọ̀sì kó má baà fọ́. Yàrá tó kángun sí tèmi ló háyà ní Nyanya. Nígbà tí ìjọba pín ilẹ̀ kan fún un ní Gárkì lọ́dún 1983, ohun kan ṣoṣo ló wà lọ́kàn rẹ̀: kó má kú sílé onílé. Àmọ́ ẹni tí kò bá ní ìwé àṣẹ ilẹ̀, katakata ìjọba á wó ohunkóhun tó bá kọ́.

Ọ̀gá tó yẹ kó fọwọ́ sí ìwé náà ni Láníyì, ará Kábà. Ó ti lé lọ́dún mẹ́ta tó ti ń wí pé, “Màmá, wọ́n ṣì ń wá fáìlì yín.” Ẹnu tó fi ń jẹ kúlíkúlí náà ló fi ń sọ ọ́, kì í gbójú sókè. Nígbà tó yá, ó lé e jáde pé òun ò fọwọ́ sí nǹkan kan, ni Ràṣídátù bá gba ọ́fíìsì lọ́yà lọ.

Lọ́yà ní, “Màmá, adájọ́ lè pàṣẹ fún un kó ṣe iṣẹ́ tí ìjọba torí ẹ̀ gbà á. Àmọ́ láàárín oṣù mẹ́ta sí ọjọ́ tó kọ̀ fún yín ni òfin ní kẹ́ ẹ pẹjọ́.”

Wọ́n pẹjọ́. Ìgbà yẹn ni jìnnìjìnnì tó mú Láníyì.

Ẹ wá wo ohun tó ṣe. Ó lọ bá Alhaji Sùlàímọ́nù, olórí ẹgbẹ́ àwọn ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́. Alhaji kó àgbà méjì lẹ́yìn, wọ́n wá sí Nyanya, wọ́n sì dọ̀bálẹ̀ gbalaja tagbádá-tagbádá.

Alhaji ní, “Ràṣídátù, a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Ọmọ Yorùbá bíi tiwa ni Láníyì. Fa ẹjọ́ yẹn sẹ́yìn, á fún ọ níwèé kí oṣù yìí tó parí.”

Obìnrin wo ló máa jẹ́ kí ẹni tó lè bí i lọ́mọ pẹ́ nílẹ̀ níwájú òun? Ó kúnlẹ̀, ó ń sunkún, ó ní òun ti gbọ́. Ó fa ẹjọ́ náà sẹ́yìn.

Oṣù parí, ìwé ò jáde. Alhaji ní kó ṣe sùúrù. Ó ṣe sùúrù títí oṣù mẹ́ta òfin fi kọjá. Nígbà tó padà sí kóòtù, adájọ́ ní ọwọ́ òun ò tó o mọ́. Kò pẹ́ ni ìjọba gba ilẹ̀ náà lọ́wọ́ ẹ̀, wọ́n ní kò kọ́ nǹkan kan sórí ẹ̀. Ẹ gbọ́ ìsọkúsọ.

Alhaji ní, “Kádàrá ni, ọmọ mi.”

Ilé alájà kan ló wà lórí ilẹ̀ náà báyìí. Ìyàwó Láníyì ló ń gbowó ilé lọ́wọ́ àwọn ayálégbé, àfi ti Alhaji Sùlàímọ́nù tó wà nísàlẹ̀. Òun kì í sanwó.