Àmín tí a ṣe fún Aládàámọ̀

Bàbá mi kìlọ̀ fún mi pé bí eré mi bá kọ́ ìjọ ní ohun tí kò tọ́, òun yóò dìde ní ìjókòó iwájú tí òun wà, òun yóò sì jáde. Mo mọ̀ pé kò ṣàwàdà. Kátékíìsì ni, títí ó fi fẹ̀yìn tì. Ilé míṣọ̀n ni wọ́n bí mi sí ní Oǹdó, Bíbélì àti ìwé orin ló sì fi kọ́ mi láti kàwé kí n tó wọ ilé ẹ̀kọ́ ìjọ. Kò sí ọjọ́ tí n kì í dúpẹ́ fún un. Nítorí náà, bí bàbá yìí bá jáde, kì í ṣe eré nìkan ni yóò bàjẹ́ lójú mi.

Àkúrẹ́ ni mo ti kọ eré náà, ní ilé wa ní Ìjàpọ̀, nígbà tí àwọn ọmọ tí mò ń kọ́ ní Yorùbá wà ní ìsinmi. Àwọn ọ̀dọ́ ìjọ wa ló bẹ̀ mí. Wọ́n ní ó ti sú àwọn láti máa wọ aṣọ funfun ṣe áńgẹ́lì lọ́dọọdún, kí n jọ̀ọ́ wá nǹkan mìíràn.

Mo bá dá ilẹ̀ kan sílẹ̀ fún wọn nínú eré náà, tí oṣùpá méjì ń yọ sí. Ní ilẹ̀ náà, gbogbo ènìyàn gbà pé Ẹlẹ́dàá ti parí iṣẹ́ rẹ̀ pátápátá, àti pé àbùkù ńlá ni fún un bí ènìyàn bá fi iṣẹ́ kankan sílẹ̀ di ọjọ́ kejì. Ẹni tó ń hun ẹní, èyí tí yóò tán kí oòrùn tó wọ̀ ni yóò hun. Ilé wọn kò ju yàrá kan lọ. Kò sí ẹni tó ń gbin igi. Bí ilẹ̀ bá ṣú, ìyá á gbé orí ọmọ lé itan, á ní, "O ti parí," ọmọ á dáhùn pé, "Mo ti parí."

Aládàámọ̀ wọn jẹ́ obìnrin kan tó ń kọ́ni pé Ẹlẹ́dàá ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́. Ó ní kí olúkúlùkù máa fi nǹkan kan sílẹ̀ láìparí lójoojúmọ́, kí ọwọ́ Ẹlẹ́dàá lè ráyè níbẹ̀. Ó gbin igi. Ó tún kọ̀ láti sọ fún ọmọ rẹ̀ pé ó ti parí. Ọmọ sunkún, aládùúgbò gbọ́, wọ́n sì mú ìyá lọ sílé ẹjọ́.

Eré náà dùn mọ́ àwọn ará Àkúrẹ́ tí a ṣe é fún nínú gbọ̀ngàn wa. Ni ìjọ wa àtijọ́ ní Oǹdó bá ní kí a mú un wá síbi ìkórè tiwọn, àlùfáà wọn sì gbé e fún bàbá mi pé kó kọ́kọ́ kà á. Mo wọkọ̀ lọ gbọ́ ohun tó máa sọ.

"Tíṣà Àkúrẹ́, jókòó. Ọjọ́ wo ni Ọlọ́run parí ayé?"

"Ọjọ́ kẹfà, sà."

"O ṣì rántí. Kí ló dé tí obìnrin yìí ò mọ̀?"

"Kò gbé ayé tiwa, Bàbá. Oṣùpá méjì ni wọ́n ní."

"Ẹni tó rí oṣùpá méjì fún wọn, kò rí Bíbélì kan ṣoṣo fún wọn?"

Màmá mi tó ń ṣa ẹ̀wà lẹ́nu ọ̀nà bú sẹ́rìn-ín. Bàbá ò rẹ́rìn-ín ní tiẹ̀.

"Ọ̀rọ̀ obìnrin náà dùn ju ti adájọ́ lọ. Ìyẹn ló ń bà mí lẹ́rù. Adájọ́ ò rí nǹkan gidi kan sọ."

Mo ní adájọ́ náà ló máa borí, pé wọ́n máa lé obìnrin náà kúrò nílùú. Ó ní kí a wá ṣe é, àmọ́ iwájú ni òun máa jókòó sí. Ibẹ̀ ló ti ṣe ìkìlọ̀ tí mo sọ yẹn fún mi.

Lọ́jọ́ ìkórè, eré ń lọ dáadáa títí adájọ́, tó fi òwú ṣe irùngbọ̀n, fi bi aládàámọ̀ bóyá ó ní ọ̀rọ̀ ìkẹyìn. Ní Àkúrẹ́, ńṣe ni ọmọbìnrin tó ń ṣe aládàámọ̀ dúró fèsì. Lọ́jọ́ yìí, ó kúnlẹ̀. N kò sọ fún un pé kó kúnlẹ̀. Ó di ojú, ó gbọ́wọ́ sókè.

"Ìwọ Ẹlẹ́dàá tí kò tíì parí wa, má ṣe fi ọmọ mi sílẹ̀ láàbọ̀."

"Àmín!" àwọn ìyá ìjọ ló dáhùn. Gbogbo wọn ti di ojú.

"Bí wọ́n bá lé mi lọ, má ṣe gbé ọwọ́ rẹ kúrò lára rẹ̀."

"Àmííín!"

"Máa bá iṣẹ́ rẹ lọ lára gbogbo wa."

Gbogbo ṣọ́ọ̀ṣì mì. Àwọn ẹ̀ṣọ́ inú eré tó di okùn mú ṣe àmín. Adájọ́ fúnra rẹ̀ ṣe àmín, irùngbọ̀n rẹ̀ sì já bọ́. Ìyá àgbà kan pariwo, "Lórúkọ Jésù!" Ẹni tó ń tẹ dùùrù rò pé àdúrà ti parí, ló bá gbé orin ìyìn. Ìjọ dìde.

Bàbá mi náà dìde.

Gbogbo ènìyàn ló wà lórí ìdúró, n kò mọ̀ bóyá orin ló gbé e dìde tàbí ọ̀nà ló fẹ́ bá lọ. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ni mo ń wò. Ó tẹ̀ síwájú díẹ̀, ó di ìjókòó mú, ó sì gbẹ́nu sókè, ó bá wọn kọ ohùn ìsàlẹ̀ orin náà bó ṣe máa ń kọ ọ́ nígbà tí mo wà lọ́mọdé. Orin yẹn ló gbé eré náà mì. Adájọ́ kò rí ẹjọ́ dá.

Nígbà tí a ń jẹun nílé, Màmá kò jẹ́ kí Bàbá sinmi.

"Ohùn ta ni mo gbọ́ tó ń ṣe àmín bí ẹni ń pe èrò oko?"

"Àdúrà ni mo ṣe àmín sí, n kò ṣe àmín sí ẹ̀kọ́. Ó kúnlẹ̀, ó ń bẹ̀bẹ̀ nítorí ọmọ rẹ̀, kí lẹ ní kí n ṣe? Ẹ̀kọ́ ẹ̀ ò tọ́ síbẹ̀."

"Ta ló wá gbin kòkó tuntun sí oko wa ní Bọ́lọ́rundúró lọ́dún yìí? Ẹ̀yin tí orúnkún ń dùn yìí?"

"Kòkó yàtọ̀." Ó yíjú sí mi. "Ìwọ, mú bírò. Adájọ́ yẹn nílò ọ̀rọ̀ tó lágbára."

Láti ìgbà náà ló ti ń pè mí lórí fóònù láti Oǹdó, tó ń fi ọ̀rọ̀ sí adájọ́ lẹ́nu. Ọ̀rọ̀ náà dára o. Ẹ̀rù ti ń bà mí fún aládàámọ̀ mi. Ìjọ kan tún ti pè wá fún ìkórè tó ń bọ̀, mo sì bi Bàbá lánàá bóyá kí n kọ ìdájọ́ tuntun sí ìparí eré náà báyìí.

"Fi sílẹ̀ ná," ó ní. "Mo ṣì ń rò ó."