Bàbá Tó Ń Fi Ikú Jẹun

Iṣẹ́ ìtọ́jú arúgbó ni mò ń ṣe ní Hyattsville, ní Amẹ́ríkà níbí, nígbà náà. Bàbá ará Jámánì kan ni wọ́n ní kí n máa tọ́jú. Ó ti lé lọ́gọ́rin ọdún, ìyàwó rẹ̀ ti kú, ọmọ kan ṣoṣo tó bí sì wà ní Jámánì. Lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ bi í pé iṣẹ́ wo ló ń ṣe kó tó darúgbó, ó nà ró, ó ní, "Kíkú ni mo máa ń kú." Yéè! Mo ní irú ilé wo ni mo wọ̀ yìí?

Àṣé òṣèré ni. Kì í ṣe olú òṣèré o. Nínú fíìmù àti tẹlifíṣọ̀n, ní Jámánì àti níbí, òun ni sójà burúkú, òun ni dókítà ìkà. Kí fíìmù tó dé ìdajì, wọ́n á ti pa á. Tó bá ti lo oògùn ọ̀sán tán, ó di ká máa wo ikú.

"Wò ó, ibí ni wọ́n ti jù mí sódò."

"Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́!"

"Ibí ni wọ́n ti yìnbọn fún mi."

"Ẹ ò ní kú ikú ìbọn, Bàbá."

Ikú tó ti gbowó rẹ̀ ná tipẹ́tipẹ́, èmi ń gbàdúrà lé e lórí! Ohun tó fi ń yangàn ni pé tí òun bá ti kú, ìpéǹpéjú òun kì í gbọ̀n. Ó ní àwọn òṣèré ìsinsìnyí ò mọ̀ ọ́n kú.

Ṣùgbọ́n ó ti pẹ́ tí wọ́n ti pè é síṣẹ́ kẹ́yìn. Àràárọ̀ ló ń wo fóònù. "Ẹ̀ẹ̀kan péré sí i," ló máa ń wí, "kí n tó lọ." Àánú rẹ̀ ń ṣe mí. Ọjọ́ tí wọ́n wá pè é, ó dìde láìmú ọ̀pá. Àwọn kan ń ya fíìmù ní ṣọ́ọ̀ṣì kan ní Lanham, wọ́n ń wá arúgbó tó máa sùn sínú pósí.

Mo ní, "Pósí kẹ̀? Ẹni tó wà láàyè?" Mo ní n ò ní gbé e lọ. Ẹni tó tó bàbá mi, kí n fi mọ́tò ara mi gbé e lọ bá pósí! Omi lé ròrò sí i lójú. Ó ní bí n ò bá gbé òun, òun á fẹsẹ̀ rìn ín. Láti Hyattsville dé Lanham, ẹni tí wọ́n fi irin sí ní ìbàdí! Mo gbé e.

Wọ́n kun àtíkè fún un títí tó fi funfun ju bí wọ́n ṣe bí i lọ. Wọ́n tẹ́ ẹ sínú pósí, ó pa ojú dé. Wọ́n ní kí n jókòó sẹ́yìn, kí n panu mọ́. Mo panu mọ́ lóòótọ́, mò ń ka Sáàmù sínú. Àfi ìgbà tí àwọn géńdé méjì gbé ìdérí bọ̀, n ò mọ ìgbà tí mo dìde. Nílé wa, tí ẹnìkan bá fẹ́ lọ, a kì í wòran rẹ̀, orúkọ rẹ̀ la máa ń ké pè kó lè padà. Orúkọ tí ìyá rẹ̀ sọ ọ́, tí n ò pè rí nítorí àgbà ni, mo fi gbogbo ohùn mi ké e.

"Ẹ padà o! Ẹ má lọ o!"

Òkú lajú. Ó ní, "Mo wà níbí."

Ariwo sọ. Ọ̀gá wọn ní kí wọ́n lọ gbé bèbí onírọ́bà wá, pé ìyẹn ò ní dá ẹnikẹ́ni lóhùn. Bí iṣẹ́ ṣe bọ́ nìyẹn.

Nínú mọ́tò, ojú ń tì mí, inú sì ń bí mi. Iṣẹ́ tí rọ́bà lè ṣe, kí ló dé tí wọ́n ń fi yọ àgbàlagbà lẹ́nu? Níbi iná pupa, ẹni tó wà nínú ọkọ̀ ẹ̀gbẹ́ wa rí àtíkè ojú Bàbá, ó sáré gbójú kúrò.

Mo ní, "Bàbá, ẹ forí jì mí. Mo ba iṣẹ́ yín jẹ́."

Ó ní, "Ṣé o mọ ohun tí wọ́n ń pè mí nínú fíìmù? Sójà Kejì. Dókítà. Ọkùnrin Onífìlà. Látọjọ́ tí mo ti ń ṣe é, kò sẹ́ni tó pe orúkọ mi rí."

Ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú, ó ní, "Tún mi pè."

Mo pè é. Ó dá mi lóhùn.