Orúnkún Festus Naughton

Ẹ̀yin ọmọ mi, ṣé etí yín wà nílé?

Ó wà nílé, Màmá Àgbà, ilẹ̀kùn sì ṣí!

Ó dáa. Ìtàn mi yí gbirigbiri, kò yí lu ọba, kò yí lu ìjòyè, orúnkún ẹnì kan ló lọ yí lù.

Bàbá yín àgbà, Festus Naughton, ló ni orúnkún náà. Òun àti àbúrò rẹ̀, Bartley, jọ ń ru bíríkì gun àkàsọ̀ ní Niu Yọọku yìí, nígbà tí ọkọ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ já wa sílẹ̀ láti Mayo, ìlú wa lókè òkun. Festus kò ga, kò sì lẹ́nu. Bí ẹ bá kí i, ẹ ó ti kọjá kó tó dáhùn. Bartley ló mọ ẹ̀ṣẹ́ jà. Ojoojúmọ́ ló ń ki ọwọ́ bọ omi iyọ̀ kí awọ rẹ̀ lè yi. Ìkòkò tí mo fi ń se ọ̀dùnkún ló sì ń lò, a máa ń torí rẹ̀ jà.

Olóṣèlú kan wà ládùúgbò wa, Ọ̀gbẹ́ni Devlin. Àyè ọlọ́pàá kan ṣoṣo ló ní lọ́wọ́, ẹni méjì ló sì ń tọrọ rẹ̀: Bartley tiwa, àti Owney Prunty, ará Cavan, àgbègbè mìíràn nílé wa lọ́hùn-ún. Devlin ní kí wọ́n lọ fi ẹ̀ṣẹ́ pín in. Ẹni tó bá borí á wọ aṣọ oníbọ́tìnnì idẹ, ẹni tó bá ṣubú á padà sídìí bíríkì. Ìjà tí ọlọ́pàá ń tú ká ni wọ́n fi wá ẹni tí yóò ṣe ọlọ́pàá. Ẹ má bi mí pé báwo, èmi náà ò tíì rí ìdí ẹ̀.

Wọ́n wọkọ̀ lọ sí erékùṣù kan láàárín odò. Obìnrin kì í lọ. Ẹnu Festus àti ẹnu Bartley ni mo ti gbọ́ ọ, ẹnu méjèèjì kò sì dọ́gba.

Nínú ìjà yẹn, bí ẹnì kan bá ti kanlẹ̀, wọ́n á dáwọ́ dúró. Kò sí àga. Alátìlẹyìn oníjà á kúnlẹ̀ lẹ́sẹ̀ kan, oníjà á jókòó lé orúnkún kejì, wọ́n á fi kànrìnkànrìn nu ojú rẹ̀, wọ́n á sì fún un lómi. Wọ́n á máa kà títí dé ọgbọ̀n. Ẹni tí kò bá padà dé ojú ìlà tí wọ́n fà sáàárín pápá kí ọgbọ̀n tó pé, ó fìdí rẹmi. Festus ló kúnlẹ̀ fún Bartley. Tadhg, ọ̀rẹ́ Owney, ló kúnlẹ̀ fún Owney.

Wọ́n jà títí oòrùn fi dé àtàrí. Ojú Owney méjèèjì wú, ó dí pátápátá. Ẹ̀ṣẹ́ dé sí i létí, òun àti Bartley jọ ṣubú lura wọn. Owney dìde, ó yí po bí adìyẹ tí òjò pa, ó sì gba ọ̀nà ibi tí kì í ṣe tirẹ̀.

Tadhg ń pariwo, “Owney! Ibí ni, màlúù yìí, ibí ni!”

Ariwo èrò bò ó mọ́lẹ̀. Owney ń táràrà, ọwọ́ rẹ̀ kan orúnkún kan, ó bá jókòó. Orúnkún Festus ni.

Festus tẹrí ba, ó ń fún kànrìnkànrìn. Ó mọ̀ ọ́n lára pé ẹnì kan ti jókòó lé òun, ó bẹ̀rẹ̀ sí nu ojú. Orí fífá ni ti Owney àti Bartley, ẹ̀jẹ̀ ló sì bo ojú àwọn méjèèjì. Wọ́n ti kà dé mẹ́wàá kí Bartley tó wá dúró níwájú rẹ̀, tó ń mí hẹlẹhẹlẹ.

“Festus! Ta lo gbé sórí ẹsẹ̀?”

Festus wo ìsàlẹ̀. “Owney ni.”

“Mo mọ̀ pé Owney ni! Tì í dànù!”

“Ó ti jókòó ná.”

“Ó ti kín ni? Bọ̀dá mi, níbo lèmi máa jókòó?”

Etí Owney ń hó bí omi orí iná, kò gbọ́ kankan. Festus bu omi sí i lẹ́nu. Nígbà tí wọ́n kà dé márùnlélógún, ó gbé e dìde, ó kọjú rẹ̀ sí ìlà, ó sì fọwọ́ gbá a lẹ́yìn jẹ́jẹ́. Owney dé ìlà, ó ju ẹ̀ṣẹ́ kan tí kò mọ ibi tó ń lọ. Àgbọ̀n Bartley, tí kò jókòó sinmi, ló lọ bà. Wọ́n kà dé ọgbọ̀n, Bartley kò dìde.

Owney wọ bọ́tìnnì idẹ. Bartley dúró lẹ́nu ọ̀nà wa lọ́jọ́ kejì, kò wọlé.

“Tó o bá ní o ò mọ̀ títí wọ́n fi kà dé mẹ́wàá, mo gbà. Ogún tó kù ńkọ́, Festus? Kí lo ń ṣe nínú ogún yẹn?”

Ọdún méje ni Bartley ò fi tẹ ilé wa.

Nígbà tó lọ tán, Festus bi mí pé, “Nora, nílé wa ní Mayo, ẹni tó bá jókòó ti iná wa, ṣé a máa ń bi í lórúkọ kó tó mumi?”

Mo ní, “Rárá. Ṣùgbọ́n ìyẹn kì í ṣe ìdí iná, ìjà ni!”

“Òótọ́ ni,” ló wí. “Ṣùgbọ́n ó wúwo bí ẹni tó rìn láti ọ̀nà jíjìn.”

N ò mọ̀ bóyá kí n sunkún ni tàbí kí n sọ ṣíbí lù ú.

Ní ọdún keje, mo gbé garawa lọ ra ọtí ní ṣọ́ọ̀bù ọlọ́tí. Festus wà ní kọ̀rọ̀ kan, Bartley wà ní ìkejì. Owney gbá Tadhg lẹ́jìká, ó ń ròyìn bí orúnkún Tadhg ṣe gba òun là. Ojú rẹ̀ tó dí lọ́jọ́ náà kò jẹ́ kó mọ̀, Tadhg kò sì sọ fún un. Tadhg tẹjú mọ́ ife rẹ̀ bí ẹni tó ń wá eṣinṣin níbẹ̀.

Bartley ní, “Ọ̀gá ọlọ́pàá, orúnkún yẹn dáa tó bẹ́ẹ̀?”

“Àga ọba ò tó o! Ó nu ojú mi bí ìyá mi ṣe ń nù ún. Bí kì í bá ṣe orúnkún yẹn, ǹ bá ti sùn síbẹ̀.”

Bartley la ẹnu. Ọ̀rọ̀ kan péré, ẹ̀tẹ́ á bá Owney àti Tadhg. Ó wo Festus. Festus ń wo orúnkún ara rẹ̀.

Bartley ní, “Ó wu èmi náà kí n jókòó lé e lọ́jọ́ náà.”

Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín. Wọ́n rò pé àwàdà ni.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn, ilẹ̀kùn wa ṣí. Bartley wọlé, kò kan ilẹ̀kùn, kò kí ẹnikẹ́ni, ó lọ jókòó ti iná. Festus kò bi í ní nǹkan kan. Ó bu omi fún un. Bartley mu ún tán, ó nu ẹnu, ó yíjú sí mi.

“Ìyàwó wa, ṣé ọ̀dùnkún wà? Àbí ìkòkò yẹn ṣì ń run iyọ̀?”

Kí lẹ wí? Ṣé bàbá yín àgbà dalẹ̀ àbúrò rẹ̀? Ọmọ, ogójì ọdún ni mo fi ń ro ó. Bí ilẹ̀ bá mọ́, mo máa ń ní ó dalẹ̀. Bí mo bá rántí bí Bartley ṣe mu omi yẹn, mo máa ń ní kò dalẹ̀. N ò mọ̀. Ẹ sọ̀ kalẹ̀ lórí orúnkún mi, ó ti kú tipiri. Ẹ lọ sùn.