Ìwé Ìkọ̀sílẹ̀ Tí Ìyàwó Kò Rán Ẹnikẹ́ni Kọ

Ọdún díẹ̀ lẹ́yìn òmìnira ni ọkọ mi gbé ìyàwó kejì wọlé wa ní Banikanni, àdúgbò wa ní Parakou. Kí n má parọ́, mo jowú rẹ̀, mo jowú ẹ̀rín rẹ̀ pàápàá. Bí òun bá se ọbẹ̀, ọkọ mi á lá ìka. Bí ó bá kan tèmi, á ní òun ti yó lọ́nà. Wọ́n ní "òrìṣà jẹ́ n pé méjì" obìnrin kò dénú. Tèmi kò tilẹ̀ dé ètè.

Nígbà tí ìyá ìyàwó náà ń ṣàìsàn, ó wọ ọkọ̀ ojú irin lọ sílé wọn ní Ṣábẹ̀ láti tọ́jú rẹ̀. Ó ṣì wà lọ́hùn-ún tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin, tí kò fẹ́ràn ọkọ wa láti ìbẹ̀rẹ̀, fi wá sí Parakou, tó gbé ìwé ìkọ̀sílẹ̀ lọ sí tiribúná, ilé ẹjọ́ ìjọba, lórúkọ àbúrò rẹ̀. Ó ní, "Ọmọ wa ni. Ẹnu wa ni ẹnu rẹ̀." Bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ń ṣe é nílé, ẹbí ní í gbẹnu sọ fún ọmọbìnrin. Adájọ́ gbà, ó tú wọn ká. Mo gúnyán lọ́jọ́ náà, mo sì ń kọrin sí i.

Orin ò tíì tán lẹ́nu mi tí ìyàwó fi dé. Ó ní òun kò rán ẹnikẹ́ni níṣẹ́. Kò tilẹ̀ jókòó, ó lọ pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ní tiribúná àgbà. Lọ́jọ́ ẹjọ́, ọkọ mi wọ agbádá tí kò wọ̀ rí níbi ìkómọ tèmi, ó tẹ̀ lé e. Ìyẹn dùn mí wọ egungun.

Ògbufọ̀ ka ìwé náà ní èdè wa. Gbogbo ibi tí wọ́n ti mẹ́nu ba ọkọ wa níbẹ̀, orúkọ àbísọ rẹ̀ ni wọ́n pè. Àwọn àgbà tó jókòó ti adájọ́ wo ara wọn. Ìyàwó wo ní í pe ọkọ rẹ̀ lórúkọ? Ẹ̀gbọ́n ní ti ayé àtijọ́ nìyẹn, pé àbúrò òun máa ń pè é bẹ́ẹ̀.

Adájọ́ ní kí n dìde, torí èmi ni mo ń bá wọn gbé. Ó ní, "Ìyáálé, ṣé ó máa ń pe ọkọ yín lórúkọ nínú ilé?"

"Bẹ́ẹ̀ ni" péré ni mo ní láti sọ, ilé á sì padà di tèmi nìkan. Mo la ẹnu. Mo wá fojú inú rí ìyàwó nínú yàrá, tó ń pe orúkọ tí èmi tí mo bímọ mẹ́rin fún un kò gbọdọ̀ pè, tí ọkọ mi sì ń fi ẹ̀rín dá a lóhùn. Kí gbogbo Parakou wá gbọ́ irú ìfẹ́ bẹ́ẹ̀ láti ẹnu mi?

Mo ní, "Kò tó bẹ́ẹ̀. Kò dán an wò rí."

Wọ́n ní kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹnu ìyàwó, wọ́n da ìwé náà nù. Bí a ṣe jáde, ìyàwó kúnlẹ̀ nínú eruku, ó ń dúpẹ́ lọ́wọ́ mi. Ọkọ wa ní inú mi mà dára o. Mo ní kò tọ́pẹ́.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn, ọbẹ̀ ìyàwó ló jẹ.