Bí Ẹ̀gbọ́n Wàídì Ṣe Kọ́ Mi Láti Gba Ipò Rẹ̀

Bọ́ọ̀lù àkọ́kọ́ tó wá bá mi nínú iṣẹ́ tí mo fi ọdún mẹ́rìnlá jẹun, orí mi ló fò kọjá. Aṣọ́lé àwọn tí a jọ ń figagbága ló gbá a sókè láti ẹnu ilé wọn. Mo rí i tó ń bọ̀, mo dúró, mo tẹ́ àyà dè é bí ẹni tó fẹ́ gba àlejò. Ó balẹ̀ níwájú mi, ó tún ta sókè, ó gba orí mi kọjá, atamátàsé wọn sì ti wà lẹ́yìn mi. Kí n tó yíjú padà, ó ti wà nínú àwọ̀n. Eré ò tíì pé ìṣẹ́jú márùn-ún.

Kí ẹ tó bú mi, ẹ jẹ́ kí n sọ ibi tí mo ti kọ́ bọ́ọ̀lù. Òkokomaikò ni wọ́n bí mi sí, yanrìn funfun tí ẹsẹ̀ máa ń rì sí ló sì kún inú pápá tó wà lẹ́yìn ilé wa. Tí bọ́ọ̀lù bá balẹ̀ lórí yanrìn, ó parí nìyẹn, ibẹ̀ ló máa sùn sí. Adilé-ẹ̀yìn-mú tó bá gbọ́n ní àdúgbò wa kì í da orí ara rẹ̀ láàmú. Ó máa dúró kí bọ́ọ̀lù balẹ̀, kó kú, kó tó wá gbé e lọ pẹ̀lú ìrọ̀rùn. Bí mo ṣe ń ṣe é láti kékeré nìyẹn, wọ́n sì ń yìn mí láti Ìbà títí dé Ọ̀jọ́ pé ara mi balẹ̀. Àmọ́ koríko rọ́bà ni wọ́n tẹ́ sí pápá tí mo wá bá ara mi yìí, oòrùn sì ti mú un gbóná. Lórí irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀, bọ́ọ̀lù kì í kú.

Ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù tó gbà mí wà ní ìlú kan tó jìnnà sí Èkó. Mi ò ní dárúkọ rẹ̀, nítorí ẹni tó ni ín ṣì wà láyé, ó sì máa ń tètè bínú. Líìgì kejì ni wọ́n wà. Bàbá mi, tó ń tún tẹlifíṣọ̀n ṣe ní Ọjà Àlàbá, ló fún mi láyè láti lọ, àmọ́ ó ti là á mọ́lẹ̀ fún mi kí n tó wọkọ̀ ní Ìyànà Ìbà.

"Sáà kan ṣoṣo ni mo fún ẹ," ó ní. "Tí wọn ò bá mú ẹ dúró, o máa padà wá jókòó tì mí ní ṣọ́ọ̀bù. Mi ò fẹ́ gbọ́ bọ́ọ̀lù mọ́ lẹ́yìn ìyẹn."

Mo fẹ́ràn bàbá mi, àmọ́ mi ò fẹ́ràn inú tẹlifíṣọ̀n rárá. Iná ti gbé mi níbẹ̀ ní ẹ̀ẹ̀mejì.

Lẹ́yìn eré ọjọ́ yẹn, tí wọ́n nà wá ní ayò kan sí òdo, kóòṣì kó gbogbo wa jọ sínú yàrá ìmúra. Kò pariwo, ìyẹn ló sì bà mí lẹ́rù jù. Ó ní, "Ẹni méjì ni mo ní fún apá òsì ẹ̀yìn, Wàídì àti ọmọ Èkó yìí. Ẹnìkan ṣoṣo ni màá mú dúró tí sáà bá parí. Ẹ̀yin méjèèjì ti gbọ́." Ó sì jáde.

Wàídì tó ń sọ wà níbẹ̀, ó ń tú okùn bàtà rẹ̀. Ẹni ọdún mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n ni, ará Ìjanikin, ọ̀nà kan náà la jọ ti wá. Ó ti lo ọdún mẹ́sàn-án nínú ẹgbẹ́ yẹn. Ó ti níyàwó, ó ti bímọ mẹ́ta, orúnkún rẹ̀ kan sì wà tó máa ń fi yìnyín dì lẹ́yìn eré kọ̀ọ̀kan bí ẹni ń tọ́jú ọmọ ìkókó. Ó tú okùn bàtà rẹ̀ tán, ó lọ wẹ̀.

Ní ìdájí ọjọ́ kejì, ẹnìkan kan ilẹ̀kùn yàrá wa. Ẹ̀gbọ́n Wàídì ló dúró síta, ó gbé àpò bọ́ọ̀lù kọ́ èjìká.

"Òkoko, dìde. Jẹ́ ká lọ sórí pápá."

"Ẹ̀gbọ́n, aago mẹ́sàn-án la máa bẹ̀rẹ̀."

"Tàwọn yẹn ni aago mẹ́sàn-án. Ìwọ tí bọ́ọ̀lù ń fo orí ẹ, aago mẹ́fà ni tìẹ."

Mo yíjú wo Kẹ́hìndé, aṣọ́lé kejì tí a jọ ń gbé yàrá. Ó ń fi ojú bá mi sọ̀rọ̀ pé kí n má lọ. Nígbà tí mo padà wọlé wá mú aṣọ, ó fà mí mọ́ra. "Ìwọ tí o fẹ́ gba oúnjẹ lẹ́nu ẹ̀, òun ló wá ń jí ẹ fún ìdánrawò? Ṣọ́ra ẹ. Ohunkóhun tó bá ṣe, má jẹ́ kó fọwọ́ kan bàtà ẹ."

Gbogbo wa ló mọ òfin yẹn ní kámpù tí ẹgbẹ́ wa ń gbé. Ẹni tí ẹ jọ ń du ipò kan kò gbọdọ̀ fọwọ́ kan bàtà bọ́ọ̀lù ẹ. Wọ́n ní ẹnìkan wà tó jẹ́ kí ẹnìkejì bá òun gbé bàtà, tí kò sì gbá bọ́ọ̀lù odindi sáà kan. Mi ò mọ̀ bóyá òótọ́ ni. Mo ṣáà kó bàtà mi sábẹ́ ìrọ̀rí, mo sì ń sùn lé e lórí títí ọrùn fi ń dùn mí.

Ní àárọ̀ àkọ́kọ́ yẹn, Ẹ̀gbọ́n Wàídì dúró ní àárín pápá, ó ń gbá bọ́ọ̀lù sókè sí mi ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Òfin rẹ̀ ò ju ẹyọ kan lọ: bọ́ọ̀lù ò gbọdọ̀ balẹ̀. Kí bọ́ọ̀lù tó gòkè tán, mo gbọ́dọ̀ ti sọ ibi tó máa já sí.

"Ibo?"

"Iwájú mi."

"Irọ́ ni."

Bọ́ọ̀lù á sì já sẹ́yìn mi. Ó ní ojú nìkan ni mò ń fi lé e, ẹsẹ̀ mi ò kúrò lójú kan. Ó ní kí n wo ẹsẹ̀ ẹni tó gbá a, bó ṣe gbá ìsàlẹ̀ bọ́ọ̀lù, kí n gbé ẹsẹ̀ kan sẹ́yìn kí n tó lọ síwájú, nítorí ẹni tó bá ti sáré síwájú jù kò rọrùn fún un láti padà. Iwájú orí mi wú. Àwọn ẹlẹgbẹ́ wa ní mo ti ń hu ìwo, ẹnìkan sì ń béèrè ìgbà tí wọ́n máa pa mí fún iléyá.

Ó tún kọ́ mi ní ọ̀rọ̀ sísọ. Ó ní ìdajì iṣẹ́ adilé-ẹ̀yìn-mú, ẹnu ni. Àwa la máa ń rí gbogbo pápá, nítorí náà àwa la gbọ́dọ̀ máa sọ fún àwọn tó wà níwájú pé ẹnìkan ń bọ̀ lẹ́yìn wọn, kí wọ́n jáde, kí wọ́n fi sílẹ̀. Ohùn rẹ̀ ti há pátápátá nítorí rẹ̀, àwọn ọmọ rẹ̀ a máa sín in jẹ lórí fóònù.

Ní gbogbo àsìkò yìí, mi ò fọkàn tán an. Bó bá fún mi lómi, mo máa ní òǹgbẹ ò gbẹ mí. Lọ́jọ́ kan, mo bọ́ bàtà mi kí n lè gbọn èérún rọ́bà kúrò nínú rẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ láti gbé e wò. Mo já a gbà lọ́wọ́ rẹ̀.

"Ẹ fi sílẹ̀, ẹ̀gbọ́n."

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. "Wọ́n ti sọ fún ẹ."

"Kí ni wọ́n sọ fún mi?"

"Ọ̀rọ̀ bàtà. Èmi ni mo dá a sílẹ̀ nínú kámpù yìí. Nígbà tí mo dé, wọ́n máa ń wọ bàtà mi láìtọrọ, wọ́n á dá a padà ní yíya. Mo wá sọ fún wọn pé ẹni tó bá tún fọwọ́ kàn án, ojú ẹ̀ á rí nǹkan. Láti ọjọ́ yẹn, kò sẹ́ni tó wọ̀ ọ́ mọ́."

Ojú tì mí. Síbẹ̀, bàtà mi ò kúrò lábẹ́ ìrọ̀rí. Ẹ̀rù tó bá ti wọni lára, kì í tètè tán.

Eré tó kẹ́yìn sáà dé, ilé wa la ti gbá a. Bí a bá gbá ọ̀mì, a máa wà ní líìgì kejì. Bí wọ́n bá nà wá, a máa já sí ìsàlẹ̀. Kóòṣì ka orúkọ, ó pe orúkọ mi, ó fi Ẹ̀gbọ́n Wàídì sí bẹ́ńṣì. Gbogbo wa mọ ohun tí ìyẹn túmọ̀ sí. Ẹni tó bá gbá eré yìí dáadáa ni wọ́n máa mú dúró.

A ń múra lórí pápá lọ́wọ́ nígbà tí àtẹ́lẹsẹ̀ bàtà mi ọ̀tún là láti iwájú dé ìdajì. Bàtà òkìríkà ni, ó ti sa ipá rẹ̀. Mo dúró, mo ń wò ó. Kò sí ẹni tí ẹsẹ̀ wa dọ́gba nínú àwọn tó jókòó, ẹni tó ń tọ́jú ẹrù wa sì ti gbàgbé àpò bàtà sílé. Ẹ̀gbọ́n Wàídì tẹ̀ba láti bẹ́ńṣì, ó bọ́ tirẹ̀ méjèèjì, ó nà án sí mi.

"Wọ̀ ọ́."

Lókèèrè, mo rí Kẹ́hìndé tó ń mi orí. Bí ẹni yìí bá fẹ́ bà mí jẹ́, ọjọ́ tó máa bà mí jẹ́ nìyí. Bí mi ò bá sì wọ̀ ọ́, òun ni wọ́n máa ní kó wọlé. Ìgbà yẹn ló ṣẹ̀ṣẹ̀ yé mi. Bó bá jókòó jẹ́ẹ́ láìṣe nǹkan kan, ipò yẹn á bọ́ sọ́wọ́ rẹ̀. Mo wọ̀ ọ́. Ó fẹ̀ díẹ̀, mo fi ìbọ̀sẹ̀ méjì dí i.

Ó wo gbogbo eré yẹn láìwọ bàtà, ó ń pariwo sí mi láti ẹ̀gbẹ́ pápá títí rẹfirí fi kìlọ̀ fún un. Nígbà tó ku díẹ̀ kó parí, tí a ṣì wà ní ọ̀mì, aṣọ́lé wọn gbá ọ̀kan sókè. Mo gbé ẹsẹ̀ kan sẹ́yìn, mo lọ síwájú, mo fò, mo fi iwájú orí gbá a jáde kúrò ní àgbègbè wa. Kò sí ẹni tó pàtẹ́wọ́, kò sì sí ìdí tí wọ́n fi máa pàtẹ́wọ́. Iṣẹ́ wa ni kí nǹkan kan má ṣẹlẹ̀.

Ọ̀mì la gbá, wọ́n sì mú mi dúró. Ẹ̀gbọ́n Wàídì kó ẹrù rẹ̀ lọ́jọ́ kẹta, ó bọ̀ mí lọ́wọ́, ó ní kí n máa sọ̀rọ̀ lórí pápá. Mo ní, "Ẹ ṣé, ẹ̀gbọ́n."

Ẹgbẹ́ márùn-ún ni mo gbá bọ́ọ̀lù fún lẹ́yìn náà. Mi ò dé òkè òkun, wọn ò sì pè mí sí ẹgbẹ́ orílẹ̀-èdè wa rí. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni wọ́n fi eré wa hàn lórí tẹlifíṣọ̀n. Lọ́jọ́ náà, bàbá mi tan gbogbo tẹlifíṣọ̀n tó wà ní ṣọ́ọ̀bù, títí kan àwọn tí kò tíì tún ṣe tán, ó ń fi mí han àwọn oníbàárà lórí èyí tí kò láwọ̀. Mo fi iṣẹ́ yìí rán àwọn ọmọ mi níléèwé, mo fi kọ́ ilé kékeré sí Ìbà, ẹsẹ̀ mi méjèèjì sì ṣì ń gbé mi rìn. Mo dúpẹ́ gan-an ni.

Ìparí sáà tó kọjá ni mo fi iṣẹ́ sílẹ̀. Mo sinmi díẹ̀, mo wá gba Ìjanikin lọ kí Ẹ̀gbọ́n Wàídì. Ẹja àrọ̀ ló ń sìn níbẹ̀ báyìí. Bó ṣe ń fún wọn lóúnjẹ, mo bi í ní ohun tí mo ti fẹ́ bi í láti ọjọ́ yìí.

"Ẹ̀gbọ́n, kí ló dé tẹ́ ẹ kọ́ mi? Ẹ mọ̀ pé èmi tàbí ẹ̀yin ni."

"Ṣé o rò pé nítorí ẹ ni?" ó ní. "Kí kóòṣì tó sọ̀rọ̀ ni orúnkún mi ti sọ fún mi pé ó ti tó. Ọdún mẹ́sàn-án ni mo fi dúró síbẹ̀ yẹn, Òkoko. Mi ò fẹ́ kí wọ́n máa gba ibẹ̀ wọlé." Ó da oúnjẹ tó kù sínú odò ẹja. "Ta ló wà ní ipò ẹ báyìí, nínú ẹgbẹ́ tí o ṣẹ̀ṣẹ̀ fi sílẹ̀?"

"Ọmọ kan tó ń jẹ́ Ṣẹ̀yí."

"Báwo ló ṣe ń ṣe sí?"

Mo ní ó ń sáré, ó ń fò, àmọ́ kì í sọ̀rọ̀. Tí wọ́n bá ń bọ̀ lẹ́yìn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, ó máa ń dákẹ́ ni.

"O sọ fún un?"

Odindi sáà kan ni èmi àti Ṣẹ̀yí fi jọ wà. Mo máa ń kí i, mo sì máa ń kọjá. Mo rí ohun tí kò mọ̀, mo sì ń retí kí kóòṣì náà rí i, kó lè fi mí sílẹ̀ ní ipò mi. Ẹ̀gbọ́n Wàídì lọ fọwọ́.

Mo dúró létí odò ẹja, mo pe ọmọ náà lórí fóònù.

"Ṣẹ̀yí, mò ń bọ̀ lọ́la. Jẹ́ ká pàdé lórí pápá."

"Ẹ̀gbọ́n, ṣé ẹ ò ti fẹ̀yìntì ni? Ṣé mo ṣẹ̀ yín ni?"

"O ò ṣẹ̀ mí," mo ní. "Èmi ni mo ṣẹ̀ ẹ́. Ṣáà wá."