Odó Òfìfo Ìyá Ọkọ Mi

Ẹ fara balẹ̀, ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, kí iṣu orí iná yìí tó jinná, kí n ròyìn ohun tí ojú mi rí ní Ọ̀kà nígbà tí sójà òyìnbó wá jókòó sí ẹsẹ̀ òkè wa.

Ọkùnrin ni wọ́n ń wá, láti fi ṣe aláàárù. Àwọn tí wọ́n kó lọ ṣáájú, ta ló rí i pé wọ́n padà? Ni àwọn ọkùnrin wa bá sá sínú ihò àpáta. Ọkọ mi wà níbẹ̀, ìyàwó tuntun sì ni mí nígbà náà o!

Àwọn àgbà pàṣẹ pé odó kankan kò gbọ́dọ̀ dún. Sójà ti mọ̀ pé níbi tí wọ́n bá ti ń gúnyán, ọkùnrin kò jìnnà síbẹ̀. Ẹ gbọ́ ná, ará Ọ̀kà láìjẹ iyán! Iṣu sísun là ń jẹ ṣáá.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan, sójà ń gun òkè bọ̀, tààrà sí ọ̀nà ihò náà. Àfi gbì! gbì! Odó ń dún lódìkejì òkè.

Ta ló fẹ́ pa wá? Mo sá tẹ̀lé ìró náà pẹ̀lú ìbínú. Ta ni mo bá? Ìyá ọkọ mi! Yèyé tí kì í bá ẹnikẹ́ni jà. Mo fẹ́ gba ọmọ odó lọ́wọ́ rẹ̀, ni mo bá wo inú odó. Kò sí iṣu kankan níbẹ̀.

Ó ní, “Ìyàwó, má dúró tì mí. Lọ sọ fún ọmọ mi pé kí wọ́n gba ọ̀nà Ìkàrẹ́ lọ.”

Mo bojú wẹ̀yìn. Àwọn sójà ti yí padà, ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni wọ́n ń bọ̀. Mo sáré lọ jíṣẹ́ náà, àwọn ọkùnrin jáde nínú ihò, wọ́n sì lọ.

Aládùúgbò wa tó fara pamọ́ nítòsí ló sọ ìyókù fún mi. Sójà bi Yèyé pé ta ló ń gúnyán fún. Ó nu òógùn ojú, ó kí wọn káàbọ̀, ó ní, “Odó ti wà nílẹ̀. Iṣu yín dà?”

Wọ́n fi ìdí ìbọn gbá a lápá. Apá náà kò gbé ọmọ odó mọ́ títí ó fi kú, ọ̀rọ̀ náà sì ń dùn mí dòní. Nígbà tí ọkọ mi padà dé, òun fúnra rẹ̀ ló gúnyán fún ìyá rẹ̀, tó ń bù ú sí i lẹ́nu.

Mo wá mọ̀ pé ẹni tí kò ní ìbọn náà lè dáàbò bo ilé rẹ̀. Ta ló ṣe irú rẹ̀ nílé tiyín? Ẹ máa sọ ọ́, mò ń gbọ́. Iṣu ti jinná, àmọ́ ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ gún odó yìí lófìfo díẹ̀. Ti ìrántí Yèyé nìyẹn.